Títúmọ̀ ìtàn Jàtákà sí Yorùbá: èwo ni ká má gé?

Atúmọ̀Ọ̀rọ̀

Ẹ kú àárọ̀ o, ẹ̀yin ará. Iṣẹ́ kan wà nílẹ̀: ìtàn Jàtákà mẹ́ta láti inú Pálì, èdè àtijọ́ Íńdíà tí wọ́n fi kọ ìwé mímọ́ ẹlẹ́sìn Búdà, tí a fẹ́ kí ọmọ ọdún mẹ́wàá gbọ́ ní Yorùbá kó sì yé e. Ìtàn 33 (àwọn àparò inú àwọ̀n), 215 (ahun ẹlẹ́jọ́wẹ́wẹ́) àti 316 (ehoro). Fún ẹni tí orúkọ yìí ṣàjèjì sí: Jàtákà ni ìtàn àwọn ayé tí Búdà ti wá kó tó di Búdà, bó ti ń kú tó tún ń padà wá, nígbà mìíràn bí ọba, nígbà mìíràn bí ọ̀bọ tàbí àgbọ̀nrín. Àkójọ ti Pálì jẹ́ 547. Bodhisatta ni wọ́n ń pè é nínú gbogbo ayé wọ̀nyẹn.

Ibi mẹ́ta ló ta kókó. Àkọ́kọ́, ìtàn kọ̀ọ̀kan ní ìbẹ̀rẹ̀ kan ní ọgbà Jetavana, níbi tí àwọn bhikkhu (àwọn tó fi ilé sílẹ̀ tẹ̀lé Búdà) ti ń sọ̀rọ̀ nípa ẹnì kan. Kò sí ẹranko kankan níbẹ̀. Ṣé a lè gé e? Èkejì, ṣé “Àlọ́ o!” la máa fi bẹ̀rẹ̀? Ẹ̀kẹta, orúkọ ẹranko: haṃsa, sigāla, udda. Pẹ́pẹ́yẹ, kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀, àti kí ni?

PálìDíẹ̀díẹ̀

Ẹ má gé e o. Ẹ kọ́kọ́ mọ bí wọ́n ṣe to ìtàn náà kí ọ̀bẹ tó kàn án. Apá márùn-ún ló ní: ìtàn òní (paccuppannavatthu), ìtàn àtijọ́ (atītavatthu), ẹsẹ ewì (gāthā), àlàyé ọ̀rọ̀ inú ẹsẹ náà (veyyākaraṇa), àti ìsopọ̀ (samodhāna), níbi tí Búdà ti ń sọ pé “lágbájá ni tàmẹ̀dù ayé ìjọ́un, èmi ni tọ̀hún.”

Ẹ wo 215. Ìtàn òní dá lórí Kokālika, bhikkhu tí ẹnu ara rẹ̀ kó bá. Ìtàn àtijọ́ dá lórí ahun tí ẹnu ara rẹ̀ pa. Níbi ìsopọ̀, Búdà ní Kokālika ni ahun, Ānanda ọmọ-ẹ̀yìn rẹ̀ ni ọba, òun alára sì ni amòye tó ń gba ọba nímọ̀ràn. Tí ẹ bá gé ìbẹ̀rẹ̀, ìsopọ̀ náà kò ní ohun tó máa so mọ́. Ohun tó máa ń ṣẹlẹ̀ lẹ́yìn náà ni pé olùtumọ̀ á gé ìsopọ̀ pẹ̀lú, á wá ku ahun kan tó já bọ́ láti òkè. Ìyẹn kì í ṣe Jàtákà mọ́.

Èyí tí ẹ lè gé láìsí wàhálà ni veyyākaraṇa. Àlàyé gírámà ni, ọmọdé kò nílò rẹ̀.

Ẹ sì fi ọ̀wọ̀ fún ẹsẹ ewì. Òun ni ìwé mímọ́ gan-an. Ìtàn tó yí i ká jẹ́ àlàyé tí a kọ sílẹ̀ lẹ́yìn náà. Ìdí nìyẹn tó fi jẹ́ pé iye ẹsẹ ni wọ́n fi to àkójọ náà, kì í ṣe ẹranko, kì í sì í ṣe ẹ̀kọ́: 1 sí 150 ní ẹsẹ kọ̀ọ̀kan, 151 sí 250 ní méjì méjì, 251 sí 300 mẹ́ta mẹ́ta, 301 sí 350 mẹ́rin mẹ́rin, bẹ́ẹ̀ ló ń lọ títí dé mẹ́wàá tó gùn jù lọ, 538 sí 547. Ẹ lè fi yẹ iṣẹ́ ara yín wò: ìtumọ̀ 215 yín gbọ́dọ̀ ní ẹsẹ méjì, ti 33 ẹyọ kan, ti 316 mẹ́rin. Bí iye náà bá dín, ẹ ti fò ó níbì kan. (Ó máa ń yẹ̀ nínú ìtàn mìíràn, àmọ́ kò yẹ̀ nínú mẹ́ta tiyín.)

Ìtẹ̀jáde Pálì tí V. Fausbøll ṣe láàrin 1877 àti 1896 ni wọ́n sábà máa ń tọ́ka sí. Ìtumọ̀ Gẹ̀ẹ́sì tí E. B. Cowell ṣe olóòtú rẹ̀, 1895 sí 1907, tẹ̀ lé nọ́ńbà kan náà. Nọ́ńbà ni kí ẹ fi wá ìtàn, ẹ má fi orúkọ wá a, torí ìtàn tó ń jẹ́ “ti ahun” tàbí “ti ọ̀bọ” ju ẹyọ kan lọ.

BàbáÀlọ́

Ọmọ mi, má fi “Àlọ́ o!” bẹ̀rẹ̀ ẹ.

Apàlọ́ mọ̀ pé irọ́ dídùn lòun ń pa, àwọn ọmọ náà mọ̀. Ìdí nìyẹn tá a fi ń búra níparí: bí mo bá purọ́, kí agogo ẹnu mi má ròó, a ó sì fọwọ́ lu ẹ̀rẹ̀kẹ́, pó, pó, pó. Ẹni tó ń sọ Jàtákà kì í búra. Ohun tó ń sọ ni pé ó ṣojú òun, òun wà níbẹ̀, òun gan-an ni ehoro yẹn. Bí o bá kó “Àlọ́ mi dá fìrìgbagbóó” síwájú ẹ̀, ọmọ á ti múra àtirẹ́rìn-ín, yóò sì máa wá ibi tí wọ́n ti fẹ́ rẹ́ ẹnìkan jẹ.

Wọ́n ní ìbẹ̀rẹ̀ tiwọn, tó sì dùn létí. Ọ̀pọ̀ nínú wọn ló ní in: “Ní àtijọ́, nígbà tí Brahmadatta ń jọba ní Benares,” ìlú kan ní Íńdíà. Bó bá ti ń padà wá ní ẹ̀ẹ̀kẹta, ẹ̀ẹ̀kẹrin, àwọn ọmọ á ti máa bá ọ wí i.

ÌwéÀtijọ́

Bàbá, ẹ ṣeun. Bí ẹ bá bi mí, Jàtákà jọ ẹsẹ Ifá ju bó ṣe jọ àlọ́ lọ. Nínú ẹsẹ Ifá, wọ́n dá Ifá fún ẹnìkan láyé ijọ́un, a gbọ́ ohun tó ṣe àti ibi tó já sí, ẹni tó jókòó síwájú babaláwo lónìí sì wá rí ara rẹ̀ nínú ẹni àtijọ́ yẹn. Jàtákà náà: ọ̀rọ̀ òní ló pe ti àtijọ́ jáde, ewì tí a kò gbọdọ̀ yí padà wà láàrin, ìtàn tí asọ̀tàn lè fẹ̀ sì yí i ká.

BàbáÀlọ́

Ó jọ ọ́, àmọ́ má fà á ya. Kò sí ẹni tó ń da ọ̀pẹ̀lẹ̀ ní Jetavana, kò sí ẹbọ, kò sì sí Odù tó yọ. Búdà ló yan ìtàn tó fẹ́ sọ.

ÌwéÀtijọ́

Mo gbà bẹ́ẹ̀.

Nǹkan mìíràn tó máa ran atúmọ̀ lọ́wọ́ ni òkúta. Ní Bharhut ní Íńdíà, wọ́n gbẹ́ àwọn ìtàn yìí sára ọgbà òkúta tó yí stūpa (òkìtì mímọ́ àwọn ẹlẹ́sìn Búdà) ká, ní nǹkan bí ọgọ́rùn-ún ọdún sí igba ọdún ṣáájú ìbí Jésù, wọ́n sì kọ orúkọ ìtàn sí ara ọ̀pọ̀lọpọ̀ wọn. Alexander Cunningham rí i ní 1873; Indian Museum ní Kolkata ni èyí tó pọ̀ jù wà báyìí. Orúkọ tí agbẹ́kùúta kọ kì í fìgbà gbogbo bá ti ìwé Pálì mu. Èyí tí wọ́n kọ “laṭuvā” sí, ìtàn ẹyẹ kékeré tó gbẹ̀san lára erin, “Laṭukika” ló ń jẹ́ nínú ìwé, nọ́ńbà rẹ̀ sì ni 357. Nítorí náà, orúkọ ìtàn kì í ṣe ohun mímọ́. Ẹ lè fún un ní orúkọ Yorùbá tó bá wù yín, kí ẹ ṣáà fi nọ́ńbà sí i.

Ẹ tún ṣọ́ra fún ìtàn abo ẹkùn tí ebi ń pa, tí Bodhisatta fi ara rẹ̀ fún jẹ. Gbogbo ènìyàn ló mọ̀ ọ́n, ṣùgbọ́n kò sí nínú 547 ti Pálì. Inú Jātakamālā ti Āryaśūra ló wà, ìwé Sáńsíkíríìtì oní ìtàn 34, òun sì ni àkọ́kọ́ níbẹ̀. Ẹni tó bá ní òun rí i nínú Pálì, ẹ ní kó mú nọ́ńbà rẹ̀ wá.

Àparò33

Mo ti ń dúró kí ẹ dé orí 33 😄 Àtúnṣe kan ná: ìtàn òní ti 33 kì í ṣe ní Jetavana. Ọgbà igi báńyánì nítòsí Kapilavatthu ni, ohun tó sì fà á ni ìjà lórí òṣùká. Òṣùká aláàárù ni o, èyí tí à ń gbé sórí ká tó gbẹ́rù! Ìgbà wo ni ọ̀rọ̀ Pálì tún fẹ́ bọ́ sí Yorùbá lẹ́nu báyìí? Kẹ́nikẹ́ni má kọ “ìrọ̀rí orí” síbẹ̀.

Bí ìtàn àtijọ́ ṣe lọ rèé, torí ọ̀pọ̀ ìtumọ̀ ló máa ń fo ìgbésẹ̀ kan tí gbogbo rẹ̀ dúró lé. Pẹyẹpẹyẹ kan máa ń ṣe ohùn àparò. Bí wọ́n bá ti pé jọ, á ju àwọ̀n bò wọ́n, á fa etí àwọ̀n náà pọ̀, á kó wọn sí agbọ̀n. Bodhisatta, tó jẹ́ olórí àparò, wá kọ́ wọn: bó bá ti ju àwọ̀n, kí olúkúlùkù ki orí bọ ojú àwọ̀n kan, kí gbogbo yín jọ gbé e fò, kí ẹ lọ gbé e kọ́ orí igi ẹlẹ́gùn-ún, kí ẹ gba abẹ́ rẹ̀ jáde. Igi ẹlẹ́gùn-ún yẹn ni wọ́n máa ń gbàgbé. Láìsí i, ọmọdé á béèrè bí orí wọn ṣe kúrò nínú àwọ̀n, ẹ ò sì ní rí èsì. Òun náà ló jẹ́ kí ilẹ̀ máa ṣú bá pẹyẹpẹyẹ níbi tó ti ń tú àwọ̀n rẹ̀ lára ẹ̀gún, tó fi ń relé lọ́wọ́ òfo, tí ìyàwó rẹ̀ fi fura pé ó ní ilé mìíràn tó ń bọ́.

Kò pẹ́, àparò kan ṣèèṣì tẹ òmíràn lórí níbi tí wọ́n ti ń bà sílẹ̀. Ìjà dé. “Ó dà bíi pé ìwọ nìkan lo ń gbé àwọ̀n!” Bodhisatta gbọ́ èyí, ó kó àwọn tirẹ̀ lọ. Bí àwọ̀n ṣe tún dé, ọ̀kan ní, “Wọ́n ní ìgbà tí o gbé àwọ̀n, irun orí rẹ ré. Ó yá, gbé e!” Èkejì ní, “Wọ́n ní ìyẹ́ apá tìẹ náà re. Gbé e ná!” Wọ́n ń bá a bọ̀ lórí “gbé e, gbé e” ni agbọ̀n fi kún.

“Gbé e” yẹn ni kí ẹ jẹ́ kí àwọn ọmọ máa jọ wí.

Atúmọ̀Ọ̀rọ̀

Òṣùká! Mo ti kọ “aṣọ orí” síbẹ̀ tẹ́lẹ̀. Mo ti pa á rẹ́. Ẹ ṣeun gan-an. Ahun wá ńkọ́? Ṣé kí n pè é ní Ìjàpá?

PálìDíẹ̀díẹ̀

Rárá o. Bí Yorùbá bá ti gbọ́ “Ìjàpá”, ọ̀dàlẹ̀ ti wọlé nìyẹn, àwọn ọmọ á máa retí pé yóò jí nǹkan. Ahun inú 215 kò rẹ́ ẹnikẹ́ni jẹ. Kò lè pa ẹnu mọ́ ni, kò jù bẹ́ẹ̀ lọ. Ẹ pè é ní “ahun odò”, torí adágún omi ló ń gbé, kí ẹnikẹ́ni má sì rò pé ahun tó ń háwọ́ lẹ ń wí.

Haṃsa kì í ṣe pẹ́pẹ́yẹ. Ẹyẹ odò ọlọ́rùn gígùn ni, tó ń fò lọ jìnnà réré. Àwọn méjì inú 215 ní ilé wọn wà ní Ihò Wúrà ní òkè Cittakūṭa ní Himalaya. Pẹ́pẹ́yẹ ẹ̀yìnkùlé kò lè gbé ahun débẹ̀. Ẹ fi “haṃsa” sílẹ̀ bó ṣe wà, kí ẹ ṣàlàyé rẹ̀ lẹ́ẹ̀kan. Sigāla ni ajáko. Kọ̀lọ̀kọ̀lọ̀ ni ẹranko mìíràn. Udda ni ẹranko onírun tó ń wẹ odò pa ẹja. Ẹ kọ “apẹja-odò”, ó tó.

Ìgbésẹ̀ 215 kò pọ̀. Àwọn haṃsa ní, “A lè gbé ọ lọ bí o bá lè pa ẹnu mọ́.” Ahun gé igi jẹ láàrin, wọ́n fi ẹnu mú orí igi méjèèjì, wọ́n gbéra. Àwọn ọmọ abúlé rí wọn, wọ́n pariwo pé haṃsa méjì ń fi igi gbé ahun lọ. Ahun fẹ́ dáhùn pé, “Báwọn ọ̀rẹ́ mi bá ń gbé mi, kí ló kàn yín níbẹ̀?” Ó la ẹnu. Orí ààfin Benares ni wọ́n wà lásìkò náà. Ó já sí àgbàlá, ó là sí méjì. Ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni tún un lẹ̀. Nínú àlọ́ tiwa, wọ́n máa ń to igbá ẹ̀yìn Ìjàpá pọ̀, ìdí nìyẹn tó fi rí págunpàgun. Èyí kú pátápátá, torí ikú yẹn ni amòye fẹ́ fi bá ọba sọ̀rọ̀. Ọba náà ló ń sọ̀rọ̀ jù, tí kò jẹ́ kí ẹlòmíràn fèsì, amòye sì ti ń wá ọ̀nà láti bá a wí tipẹ́.

Ẹsẹ àkọ́kọ́, bó ṣe yé mi sí:

*Ahun pa ara rẹ̀ níbi tó ti lahùn;
igi tó ti gé mọ́ ẹnu dáadáa,
ọ̀rọ̀ ara rẹ̀ ló fi gbẹ̀mí ara rẹ̀.*

Ẹsẹ kejì ló kọjú sí ọba. Ẹ má dà wọ́n pọ̀.

ỌmọÌjàpá

Ẹ jọ̀ọ́, ẹ má bínú pé mo já lu ọ̀rọ̀. Wọ́n máa ń sọ pé Jàtákà 55 ni baba àlọ́ Ìjàpá àti ère alátè, àti ti Brer Rabbit, ehoro inú àlọ́ àwọn ará Amẹ́ríkà. Ṣé òótọ́ ni?

ÌwéÀtijọ́

Aurelio Espinosa, onímọ̀ ìtàn àbáláyé, kọ ọ́ ní 1930 pé Íńdíà ni ìtàn náà ti ṣẹ̀ wá, 55 sì wà lára ẹ̀rí rẹ̀. Ní 1943 ó to ẹ̀dà 267 jọ láti oríṣiríṣi ilẹ̀. Àwọn mìíràn ta kò ó pé Áfíríkà ni orísun. Ẹ jẹ́ ká yẹ ìtàn náà fúnra rẹ̀ wò.

Nínú 55, ọmọ ọba kan kẹ́kọ̀ọ́ jáde ní Takkasilā, ó gba ohun ìjà márùn-ún. Ó bá iwin kan pàdé nínú igbó, Silesaloma, ìyẹn Onírun-lílẹ̀. Ó ta àádọ́ta ọfà, gbogbo wọn lẹ̀ mọ́ irun rẹ̀. Idà lẹ̀, ọ̀kọ̀ lẹ̀, kùmọ̀ lẹ̀. Ó fi ọwọ́ ọ̀tún gbá a, ó lẹ̀. Ọwọ́ òsì, ẹsẹ̀ ọ̀tún, ẹsẹ̀ òsì, orí, gbogbo rẹ̀ lẹ̀. Títí débẹ̀, ẹni tó mọ àlọ́ ère alátè á máa mi orí. Ṣùgbọ́n ta ló jalè? Kò sí. Ta ló gbẹ́ ère? Kò sí, iwin alààyè ni. Báwo ló ṣe bọ́? Kò bẹ̀rù, ó ní ohun ìjà kan ṣì wà ní inú òun, ìyẹn ìmọ̀, iwin náà sì jọ̀wọ́ rẹ̀. Ẹsẹ rẹ̀ ń fi ọ̀rọ̀ náà ṣeré: *alīna*, ọkàn tí kò lẹ̀ mọ́ nǹkan kan.

Èyí tó tún sún mọ́ ọn kì í ṣe Jàtákà rárá. Inú Saṃyutta Nikāya, àkójọ ìwàásù Búdà, ló wà, 47.7: ọdẹ fi àtè sílẹ̀ ní Himalaya, òmùgọ̀ ọ̀bọ fi ọwọ́ kan án, ó fi ọwọ́ kejì láti fa ti àkọ́kọ́ yọ, ó fi ẹsẹ̀, ó fi ẹsẹ̀ kejì, ó fi ẹnu. Pańpẹ́ wà níbẹ̀, àtè wà níbẹ̀, ibi márùn-ún pé. Kò sí ère, kò sì sí ẹni tó ń bá ère sọ̀rọ̀ tí kò dáhùn, bẹ́ẹ̀ ibi tí adùn àlọ́ wa wà gan-an nìyẹn. Ẹni tó bá ní “baba” ni, ó ti sọ ju ohun tí ìwé gbè lọ.

BàbáÀlọ́

Àtè ò ní orílẹ̀-èdè. Ibi tí ẹyẹ bá wà, wọ́n á pa àtè fún un. Ẹ padà sórí ehoro.

PálìDíẹ̀díẹ̀

Ehoro, ọ̀bọ, ajáko àti apẹja-odò jọ ń gbé. Ehoro wo òṣùpá, ó rí i pé ọ̀la ni yóò pé, ọjọ́ ààwẹ̀. Ó ní kí olúkúlùkù fún alágbe tó bá wá ní oúnjẹ kí òun náà tó jẹun.

Ohun tí wọ́n rí kò gbọdọ̀ yí padà, torí ó wà nínú ẹsẹ. Apẹja-odò: ẹja pupa méje tí apẹja kan ti fi igi gún pọ̀, tó rì mọ́ iyanrìn. Ajáko: ẹran tí a fi igi gún méjì, awọ́nríwọ́n kan àti ìkòkò wàrà kíkan kan, nínú ahéré olùṣọ́ oko. Ọ̀bọ: èso máńgòrò. Àwọn méjì àkọ́kọ́ ké lẹ́ẹ̀mẹta, “Ta ló ni ín o?”, ẹnikẹ́ni kò dáhùn, wọ́n gbé e. (Ẹ̀rín ń bẹ níbẹ̀: olówó ẹja ti sọ̀ kalẹ̀ lọ sódò. Ẹ má ṣàlàyé ẹ̀rín náà, ẹ ṣáà jẹ́ kí wọ́n ké e tán.) Ehoro rò ó pé koríko ni oúnjẹ òun, ènìyàn kì í sì í jẹ koríko, ló bá pinnu láti fi ara rẹ̀ ṣe oúnjẹ alágbe.

Ìtẹ́ Sakka, ọba àwọn òrìṣà, gbóná. Ó wá bí àlùfáà arúgbó láti dán wọn wò. Ó dé ọ̀dọ̀ ehoro, ó dá iná. Kí ehoro tó bẹ́ sínú iná, ó gbọn ara ní ẹ̀ẹ̀mẹta, kí kòkòrò inú irun rẹ̀ má baà bá a jóná. Ìwé ọmọdé mélòó ló ti gé ibẹ̀ yẹn! Ibẹ̀ ni ehoro ti pa òfin àkọ́kọ́ mọ́, má ṣe pa ohun ẹlẹ́mìí, nígbà tó ń fi ẹ̀mí tirẹ̀ sílẹ̀. Iná náà tutù bíi yìnyín, kò jó irun kan. Sakka fún òkè ńlá kan bí ẹni fún ọsàn, ó fi omi rẹ̀ ya ehoro sójú òṣùpá.

Ìsopọ̀: Ānanda ni apẹja-odò, Moggallāna ni ajáko, Sāriputta ni ọ̀bọ, ọmọ-ẹ̀yìn Búdà ni àwọn náà. Ìtàn òní rẹ̀ kúrú: baálé kan ní Sāvatthi bọ́ 500 bhikkhu fún ọjọ́ méje.

Atúmọ̀Ọ̀rọ̀

Mo gbìyànjú ẹsẹ kẹrin, ti ehoro fúnra rẹ̀. Ẹ bá mi wò ó:

*Mi ò ní yànmọtí, mi ò ní erèé,
mi ò sì ní ìrẹsì.
Iná yìí ló máa sun mí;
jẹ mí, kí o sì máa gbé inú igbó.*

Àparò33

Yànmọtí! Ó dára púpọ̀. Ṣùgbọ́n “jẹ mí, kí o”? Ehoro ń bá àlùfáà arúgbó sọ̀rọ̀. Nínú Yorùbá, “ẹ jẹ mí” ni.

PálìDíẹ̀díẹ̀

Òótọ́ ni. Pálì kò ní “ẹ” ọ̀wọ̀ yẹn níbẹ̀, àmọ́ Yorùbá kò lè ṣe láìní in. Ohun kejì: ẹsẹ náà kò bẹ̀rẹ̀ pẹ̀lú “mi”. “Sasassa” ló wí, “ehoro kò ní.” Ó ń sọ̀rọ̀ ara rẹ̀ bí ẹni ń sọ ti ẹlòmíràn, ìlà ìkẹyìn nìkan ló tó sọ pé “èmi.” Ẹ jẹ́ kó rí bẹ́ẹ̀.

Atúmọ̀Ọ̀rọ̀

*Ehoro kò ní yànmọtí, kò ní erèé,
ìrẹsì kò sí lọ́wọ́ rẹ̀.
Ohun tí iná yìí bá sun, èmi ni;
ẹ jẹ mí, kí ẹ máa gbé inú igbó.*

BàbáÀlọ́

Fi sílẹ̀ bẹ́ẹ̀. Ó ku ẹsẹ kejì ti ahun.